Kóòtù ní kí wọ́n dúró, ilé ti dé líńtẹ̀lì

Ọmọ Ajílété: Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, ẹ̀yin ará Ògbómọ̀ṣọ́. Ilẹ̀ bàbá wa lọ́nà Ìlọrin ni ẹbí kan ń bá wa fà. Kóòtù gíga ti pàṣẹ lóṣù tó kọjá pé kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án títí ẹjọ́ á fi parí. Mo kọjá lánàá, ilé ti dé líńtẹ̀lì! Kí wá ni ìwé àṣẹ tí mò ń gbé kiri wúlò fún?

Ìyá Ìbejì Sábó: Bébà lásán ni. Ìjọba Ọ̀yọ́ lé àwọn alága káńsù ní 2019. Kóòtù tó ga jù lọ sọ ní 2021 pé kò bófin mu, kí wọ́n san owó wọn. Ṣé ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni wọ́n rí i gbà?

Akọ̀wé Kóòtù Àná: Ọ̀rọ̀ owó yàtọ̀, Ìyá Ìbejì. Ẹni tó jẹ gbèsè ìdájọ́, owó rẹ̀ ní báńkì ni wọ́n sábà máa ń lépa. Ẹni tí wọ́n ní kó má ṣe nǹkan tó sì ṣe é, ẹ̀wọ̀n ló ń wá. Ọmọ Ajílété, ṣé lọ́yà yín ti gba Fọ́ọ̀mù 48? Ìwé ìkìlọ̀ nìyẹn, bélíìfù, òṣìṣẹ́ kóòtù tó ń pín ìwé, gbọ́dọ̀ fi lé onítọ̀hún lọ́wọ́. Bí kò bá gbọ́, ó kéré tán lẹ́yìn ọjọ́ méjì, Fọ́ọ̀mù 49 á tẹ̀ lé e: kó wá sọ ìdí tí wọn ò fi ní jù ú sẹ́wọ̀n. Ẹ má ṣe fo 48 o. Ibẹ̀ ni ẹjọ́ tó dáa ti máa ń dàrú.

Ọmọ Ajílété: Sùúrù ni lọ́yà ní ká ṣe. Àwọn yẹn sì ní àwọn ti pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn, pé àṣẹ náà ti kú.

Akọ̀wé Kóòtù Àná: Irọ́! Kòtẹ́milọ́rùn nìkan kì í pa àṣẹ, àfi bí kóòtù bá dá a dúró. Ìjọba Èkó lé Ojukwu jáde nílé n'Íkòyí nígbà tí ẹjọ́ ṣì ń lọ. Kóòtù kòtẹ́milọ́rùn ní kí wọ́n dá a padà, ìjọba ò ṣe é, wọ́n wá sáré lọ sí kóòtù tó ga jù lọ. Ní 1986 kóòtù yẹn ní kí ìjọba lọ kọ́kọ́ gbọ́ràn ná. Ìjọba ológun nìyẹn o!

Bíríkìlà Under G: Ẹ̀yin àgbà, ẹ má bínú. Mò ń mọ ilé kan tó jọ èyí. Orúkọ mi ò sí nínú ẹjọ́ kankan. Ṣé wọ́n lè mú mi?

Ìyá Ìbejì Sábó: "Tó jọ èyí" kẹ̀!

Akọ̀wé Kóòtù Àná: Bí o ò bá mọ̀ nípa àṣẹ, kò kàn ọ́. Bí o bá mọ̀ tí o ṣì ń pò simẹ́ǹtì, ìwọ náà ń bá wọn tẹ kóòtù lójú ni.

Ọmọ Lọ́ọ̀: Ẹ má dẹ́rù bà á, bàbá. Ẹ̀sùn yìí jọ ti ọ̀daràn, àfi kí wọ́n fi hàn láìsí iyèméjì pé ó mọ̀.

Akọ̀wé Kóòtù Àná: Ohun tó kọ sókè yìí ńkọ́?

Bíríkìlà Under G: Mo ti dáwọ́ dúró láti ìṣẹ́jú yìí. Ẹ̀gbọ́n Ọmọ Ajílété, pákó mi àti ṣọ́bìrì ṣì wà lórí ilẹ̀ yẹn. Ẹ jọ̀ọ́, ṣé mo lè wá kó wọn?

Ọmọ Ajílété: Ọ̀sán gangan ni kí ẹ wá. Màá dúró síbẹ̀, fóònù á wà lọ́wọ́ mi.