Ẹ fi páálí wọn sílẹ̀ o!

Ẹ̀yin tí ẹ ń pariwo pé kí wọ́n kó gbogbo àwọn tó ń sùn síta ní àyíká Freedom Park, ní Old Garage l'Óṣogbo, kúrò, ibo ni kí wọ́n kó wọn lọ? Ẹ ní ọ̀lẹ ni wọ́n. Ọ̀lẹ wo ló ń jí kí ilẹ̀ tó mọ́ láti gbá iwájú ṣọ́ọ̀bù olóṣọ́ọ̀bù, kí onítọ̀hún má baà da omi lé e lórí?

Páálí tí ẹ ń pè ní pàǹtírí yẹn, bẹ́ẹ̀dì ni. Sìmẹ́ǹtì ń fa ooru ara. Ẹni tó bá sùn lé e lásán nígbà ọyẹ́, ìbàdí rẹ̀ ló máa sọ fún un. Páálí Indomie ti fẹ́lẹ́ jù. Ti fíríìjì tàbí tẹlifíṣọ̀n ńlá ni wọ́n ń wá, torí afẹ́fẹ́ tó wà nínú àwọn ihò àárín rẹ̀ ló ń dí òtútù lọ́wọ́. Wọ́n á tẹ́ ẹ ní ìpele méjì tàbí mẹ́ta, láílọ́ọ̀nù á wà nísàlẹ̀. Bó bá wà lókè, òógùn á rin aṣọ wọn gbingbin. Bàtà ni ìrọ̀rí, torí bàtà tí wọ́n bá bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ti lọ nìyẹn. Kọ́ìlì ẹ̀fọn ò wúlò níta, atẹ́gùn á gbé èéfín rẹ̀ lọ.

Òjò ló burú jù. Bí kò bá jò látòkè, á ta láti ilẹ̀. Páálí tó bá ti mu omi, ó ti di ẹ̀kọ; oòrùn lè gbẹ ẹ́, ṣùgbọ́n kò ní gbé ara mọ́. Ìjókòó ni wọ́n máa fi mọ́jú, kí wọ́n tó lọ ru ẹrù lọ́jà.

Ẹ tún ní kí ọlọ́pàá kó wọn fún wọ́ndárìn, ẹ̀sùn pé èèyàn ń rìn kiri láìnídìí. Wọ́ndárìn kẹ̀? Láti 1989 ni òfin ti fagi lé e. Bí ẹ bá sì jó páálí wọn, wọ́n ṣì máa padà wá, ara ríro ni ẹ kàn fi kún ìyà wọn.

Ẹ ní kí wọ́n lọ gba yàrá. Onílé fẹ́ owó ọdún kan lẹ́ẹ̀kan náà, pẹ̀lú àgíríméǹtì àti kọmíṣọ̀n. Ojoojúmọ́ ni owó alábàárù ń wọlé, ẹni tí kò ní ilẹ̀kùn, ibo ló máa tọ́jú ẹ̀ sí?

Ilé ìsùn tí wọ́n á ti máa sanwó lálaalẹ́ ni ì bá dáa. Àmọ́ ta ló máa ṣọ́ ọ tí kò fi ní di ti àwọn ọmọọ̀ta? Mi ò tíì rí èsì ìyẹn.