Ẹ Fi Supra Mi Sílẹ̀ Bí Mo Ṣe Tò Ó

Ó ti sú mi! Ní gbogbo Sátidé tí àwọn ọmọ àdúgbò bá ti ya wọ yàrá mi ní Ìgbógbó, ní Ìkòròdú níbí, ọkọ̀ Toyota Supra mi inú géèmù eré ìje ni wọ́n máa ń bàjẹ́. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni mo fi tò ó: bíréèkì, sípíríìnì, afẹ́fẹ́ táyà. Kí n tó bu omi mu tán, ẹnì kan á ti gbé tọ́bò ràgàjì, ẹ̀rọ tó ń fẹ́ atẹ́gùn sínú ẹ́ńjìnì kó lè lágbára sí i, lé e, ó ní kò lágbára tó.

Agbára wo? Ẹ́ńjìnì 2JZ yẹn, lítà 3, sílíńdà 6, tọ́bò 2 ni wọ́n gbé sí i láti Japan. Tọ́bò ńlá kì í tètè jí. Ẹ tẹná, kò dáhùn. Nígbà tó bá yá, agbára á dé lójijì, ẹsẹ̀ ẹ̀yìn nìkan ló sì ń ti ọkọ̀ náà. Ní kọ́nà Suzuka, pápá ìje Japan yẹn, ó ti yí bìrí wọ inú yanrìn nìyẹn. Wọ́n á wá ní ọkọ̀ mi ni ò dáa!

Wọn kì í sì í dá a padà sí bó ṣe wà, ìyẹn ló dùn mí jù. Ẹ̀yin àbúrò mi, ẹ lọ to tiyín.