Ẹ Bá Mi Kí Orúnkún Mi

Ẹ̀yin onífíìmù ìtàn ìgbésí ayé ẹ̀dá, mo kí yín, ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ló gbé fóònù wá bá mi lálẹ́ ọjọ́ Àìkú, ó ní ká jọ wo fíìmù ìgbésí ayé Babe Ruth, ìlú-mọ̀-ọ́n-ká agbábọ́ọ̀lù baseball, eré tí wọ́n ń fi igi gbá bọ́ọ̀lù kékeré, èyí tí wọ́n ṣe ní Amẹ́ríkà lọ́dún 1948. William Bendix tó ṣe Babe Ruth níbẹ̀, àgbàlagbà tó ti lé lógójì ọdún, lẹ imú mọ́ imú, ó ń ṣe bí ọmọ tí kò tíì pé ogún ọdún. Mi ò bínú sí ìyẹn. Àwọn bàbá arúgbó tiwa náà ń wọ ṣòkòtò péńpé gbé báàgì iléèwé nínú fíìmù, a sì ń pàtẹ́wọ́.

Ọmọ kan tí kò lè rìn ló gbé mi dìde lórí àga. Babe Ruth ń kọjá lọ, ó kí i. Ó kàn kí i ni o! Ọmọ bá dìde, ó ń rìn.

Ìkíni lásán. Kò sí àgbo, kò sí abẹ́rẹ́, kò sí òróró àdúrà. Tó bá rí bẹ́ẹ̀, kí ni ilẹ̀ Yorùbá ń fi ọsibítù ṣe? Àwa tí a ń kí ẹni tó dúró, tí a ń kí ẹni tó jókòó, tí a ní ẹ kú òjò, ẹ kú oòrùn, ẹ kú ìnáwó, ẹ kú ìrọ́jú, ẹ kú gósíló! Orúnkún mi ọ̀tún ti ń dùn mí láti ọdún tó kọjá. Láàárọ̀ yìí nìkan, ìyá alákàrà kúnlẹ̀ kí mi. Ọkọ ọmọ mi dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ, àyà rẹ̀ kan sìmẹ́ńtì, eruku ta sí i láṣọ. Orúnkún ṣì ń ké. Àfàìmọ̀ kó má jẹ́ pé èèyàn ní láti gbá home run 714 bíi tiẹ̀, ìyẹn kó fi igi gbá bọ́ọ̀lù jáde kúrò ní pápá, kí ìkíni rẹ̀ tó ràn.

Babe Ruth fúnra rẹ̀ wà níbi tí wọ́n ti kọ́kọ́ fi fíìmù yìí hàn lóṣù keje ọdún náà. Àìsàn ò jẹ́ kó wò ó tán. Jẹjẹrẹ pa á lóṣù kẹjọ. Kò sẹ́ni tó rántí kí i.

Ọ̀rọ̀ ajá ńkọ́? Nínú fíìmù, wọ́n ní ó gbá bọ́ọ̀lù ba ajá, ó pa eré tì, ó gbé ajá sáré lọ sí ọsibítù àwa èèyàn, ni ọ̀gá rẹ̀ bá ní kó lọ jókòó sílé. Irọ́ ńlá! Lọ́dún 1925 tí Miller Huggins, ọ̀gá rẹ̀ náà, dá a dúró, tó tún ní kó san 5,000 dọ́là, ìrìn òru àti orí kunkun ló fà á. Ajá kankan ò sí níbẹ̀. Ọmọ aláìsàn tí wọ́n ní tìtorí rẹ̀ ló ṣe na ìka síbi tó máa gbá bọ́ọ̀lù sí ní Chicago lọ́dún 1932 sì rèé, ọdún 1926 ni àìsàn tiẹ̀ ṣẹlẹ̀. Fíìmù dá ọmọ ọlọ́mọ dúró lórí ibùsùn fún ọdún mẹ́fà gbáko!

Ẹ ò lójú àánú. Ọkùnrin tí bàbá rẹ̀ ń ta ọtí ní Baltimore, tó fẹ́ràn bíà àti oúnjẹ, tó gbé ikùn bẹ́ẹ̀ gbá home run 60 ní sáà 1927, kí lẹ fẹ́ fọ̀ lára rẹ̀? Àwọn onírárà àtijọ́ ò jẹ́ ṣe bẹ́ẹ̀. Tí wọ́n bá ń ki akọni, wọ́n á ki ojú burúkú rẹ̀ mọ́ ọn, wọ́n á ki ìkà tó ṣe, orí rẹ̀ á sì máa wú.

Ẹnu mi ò gbà á tán ṣá. Nígbà tí bàbá mi kú, èmi ni mo kọ ìtàn wọn sínú ìwé ètò ìsìnkú. Mo ní wọn kì í bínú. Bí wọ́n ṣe kà á síta, àbúrò wọn tó jókòó lẹ́yìn bú sẹ́rìn-ín, ó ní, "Ta ni wọ́n ń sin?"

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ní fíìmù agbábọ́ọ̀lù mìíràn wà, òun á gbé e wá lọ́jọ́ Àbámẹ́ta. Mo ní kó kọ́kọ́ bá mi kí orúnkún mi ná.