Ẹ̀sìn Júù Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì kì í ṣe ti àwọn arúgbó

Bí ọ̀rọ̀ àwọn Júù bá délẹ̀, ọ̀pọ̀ èèyàn ló máa ń sọ pé àwọn Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì, ìyẹn àwọn tó ń pa òfin Tórà, ìwé Mósè, mọ́ láìyẹsẹ̀, ò ní pẹ́ tán. Wọ́n á ní àwọn bàbá onírùngbọ̀n tó ń wọ kóòtù dúdú nìkan ló kù síbẹ̀, pé àwọn ọmọ ti rí ọ̀làjú, wọ́n sì ti bá ẹsẹ̀ wọn sọ̀rọ̀. Ọ̀rọ̀ ò rí bẹ́ẹ̀ rárá.

Nígbà kan, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ òótọ́. Àwọn Júù tó wọkọ̀ ojú omi láti Rọ́ṣíà àti Pólándì lọ sí Amẹ́ríkà, láti nǹkan bí 1880 wá, bá a níbẹ̀ pé ọjọ́ mẹ́fà ni ọ̀pọ̀ iléeṣẹ́ fi ń ṣiṣẹ́ lọ́sẹ̀, Sátidé sì wà nínú rẹ̀. Ẹni tó bá jókòó sílé ní Sábáàtì lè dé ibi iṣẹ́ ní Mọ́ńdè kí wọ́n ní kó máa lọ. Ọ̀pọ̀ fi Sábáàtì sílẹ̀ kí ọmọ lè rí oúnjẹ jẹ, àwọn ọmọ náà sì dàgbà láìmọ adùn rẹ̀. Nígbà tí Marshall Sklare, onímọ̀ nípa àwùjọ, kọ ọ́ ní 1955 pé àjórẹ̀yìn ni Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì ń jó ní Amẹ́ríkà, ohun tó ń fojú rí ló ń sọ. Ní 1972, òun fúnra rẹ̀ gbà pé ọ̀rọ̀ náà ò ṣẹ.

Ilé ẹ̀kọ́ ló kọ́kọ́ yí i padà. Ní 1943, nígbà tí ìjọba Násì ń pa àwọn Júù Yúróòpù lọ́wọ́, Ráábì Aaron Kotler, tó ti sá àsálà wá sí Amẹ́ríkà, dá yeshiva kan sílẹ̀ nílùú Lakewood, ní New Jersey. Yeshiva ni ibi táwọn ọ̀dọ́kùnrin ti ń jókòó ti Tálímọ́ọ̀dù, ìwé àlàyé òfin àwọn Júù, láàárọ̀ dalẹ́, ní méjì-méjì, tí wọ́n á máa jiyàn lórí ìlà kan títí yóò fi yé wọn. Ọdún tó tẹ̀ lé e ni ẹgbẹ́ Torah Umesorah bẹ̀rẹ̀ sí dá ilé ẹ̀kọ́ ọmọdé sílẹ̀ káàkiri Amẹ́ríkà, níbi tí ọmọ ti ń kọ́ Tórà àti ìṣirò lábẹ́ òrùlé kan náà. Ẹ wá wo Lakewood lónìí. Ní ọdún 2000, èèyàn ibẹ̀ lé díẹ̀ ní 60,000. Ní 2020, wọ́n ti ju 135,000 lọ, àwọn ìdílé Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì ló sì fà á jù.

Àjọ olùṣèwádìí Pew ka gbogbo èyí ní Amẹ́ríkà ní 2020. Nínú àwọn Júù tó ti lé lẹ́ni ọdún 65, ìdá 3 nínú 100 péré ni Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì. Láàárín àwọn ọ̀dọ́ ọdún 18 sí 29, ó di ìdá 17. Arúgbó gan-an ló ṣọ̀wọ́n níbẹ̀.

Àwọn kan á ní ọmọ bíbí lásán ni. Òótọ́ ni pé wọ́n ń bímọ: ọmọ 3.3 ni ìpíndọ́gba tiwọn, nígbà tí tàwọn Júù yòókù jẹ́ 1.4. Ṣùgbọ́n àwọn òbí àtijọ́ náà bímọ, àwọn ọmọ ọ̀hún sì lọ. Nínú ìwádìí Pew ti 2013, ìdá 22 péré ló ṣẹ́ kù sínú Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì nínú àwọn tó ti lé ní 65 tí wọ́n tọ́ dàgbà nínú rẹ̀. Nínú àwọn tí ò tíì pé 30, ìdá 83 ló ṣì wà níbẹ̀. Àwọn míì ṣì lè kúrò bí wọ́n bá dàgbà sí i, àmọ́ lójú tèmi, ìyẹn nìkan ò lè bo irú àlàfo báyìí.

Kì í sì í ṣe pé wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́ gbogbo ọ̀dọ́ tó wà níbẹ̀. Ní Yeshiva University ní New York, akẹ́kọ̀ọ́ kan náà lè ka Tálímọ́ọ̀dù láàárọ̀ kó lọ kíláàsì bàọ́lọ́jì lọ́sàn-án. Àwọn ọ̀dọ́ bẹ́ẹ̀ ní fóònù bíi tàwọn ẹgbẹ́ wọn. Wọ́n kàn ń pa á nírọ̀lẹ́ Fúráìdé títí ilẹ̀ Sátidé á fi ṣú. Àwọn kan máa ń yọ́ ọ tẹ̀, àwọn ráábì sì mọ̀. Àwọn Haredi, tí tiwọn le jù, kó ara wọn jọ sí pápá ìṣeré Citi Field ní New York ní May 2012, ó lé ní 40,000 ọkùnrin, nítorí ewu íntánẹ́ẹ̀tì. Ẹni tí ayé òde òní ò kàn kì í ṣe irú ìpàdé yẹn.

Àwọn kan ń lọ ṣá, ojú wọn sì ń rí màbo. Ọ̀dọ́ tó bá jáde látinú àwọn ìjọ Hasidic kan, tó jẹ́ ẹ̀ka àwọn Haredi, lè pàdánù òbí, ìyàwó tàbí ọkọ, àtàwọn ọmọ rẹ̀, ó sì lè jẹ́ pé Yídíìṣì, èdè àwọn Júù Ìlà Oòrùn Yúróòpù, ló gbọ́ dáadáa, tí Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ ò dán mọ́rán. Nítorí irú wọn ni ẹgbẹ́ Footsteps, tó ń ran àwọn tó bá kúrò lọ́wọ́, ṣe bẹ̀rẹ̀ ní New York ní 2003. Kò yẹ kí ẹnikẹ́ni fojú kéré ìrora wọn torí pé àwọn tó dúró pọ̀ jù wọ́n lọ.

Ibòmíì ni ẹsẹ̀ àwọn ọ̀dọ́ Júù ti ń já. Nínú ìwádìí 2020 yẹn kan náà, bíi méje nínú mẹ́wàá àwọn àgbà tó lé ní 65 ló pe ara wọn ní Reform tàbí Conservative, àwọn ìjọ tó dẹ òfin. Láàárín àwọn ọ̀dọ́, wọn ò tó mẹ́rin nínú mẹ́wàá, ìdá 41 nínú 100 sì sọ pé àwọn ò sí nínú ìjọ kankan.