Ọnà kì í ṣe ọ̀nà

Ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni àbúrò mi obìnrin bí ọmọkùnrin làǹtìlanti n'Ípéru. Ìyá bàbá wa, tí gbogbo wa ń pè ní Màmá Ìpéru, ló kọ́kọ́ sọ ọ́ lórúkọ: Ọnàsànyà. Omi bọ́ lójú mi. Ọlọ́nà ni bàbá Màmá, igi ni wọ́n ń gbẹ́, iṣẹ́ yẹn ni wọ́n fi bọ́ ilé nígbà tí nǹkan le. Ọnà ló san ìyà wọn.

Kò pẹ́ ni bàbá ọmọ fi àwòrán ojú fóònù rẹ̀ ránṣẹ́ sí wa. Ó ní òun ti wo "Sanya" lórí íntánẹ́ẹ̀tì, orúkọ obìnrin ni, láti Íńdíà. Ó tún rí i níbòmíràn pé "Ona" ni ọ̀nà tí à ń rìn. Kí ni ọmọ òun fẹ́ fi orúkọ títì ṣe?

Ó dùn mí gan-an. Lóòótọ́ ni wọ́n ń sọ obìnrin ní Sanya ní Íńdíà. Àwọn ará Rọ́ṣíà náà ń fi í gé Alexander kúrú. Lẹ́tà márùn-ún ló pa wọ́n pọ̀, wọn ò bá ara wọn tan rárá. Ẹ wo Òjó, ọmọkùnrin tí ìwọ́ wé mọ́ lọ́rùn wáyé (bó bá jẹ́ obìnrin, Àìná ni). Ẹ yọ àmì orí rẹ̀ kúrò, ó lè di òjò tó ń rọ̀, ó lè di ojo tó ń sá fógun. Ta ló máa fi ojo sọmọ?

Orúkọ òyìnbó náà kò yọ sílẹ̀. Vanessa ni àkọ́bí wọn. Wọ́n ní "labalábá" ni lédè Gíríìkì, labalábá ni wọ́n sì tẹ̀ sára tówẹ́ẹ̀lì tí wọ́n pín fún wa níbi ìsọmọlórúkọ. Mo yẹ̀ ẹ́ wò. Jonathan Swift, òǹkọ̀wé ọmọ Áyálándì, ló fúnra rẹ̀ hun orúkọ yẹn fún Esther Vanhomrigh: ó mú Van lára orúkọ ìdílé obìnrin náà, ó mú Essa lára Esther. Ewì tó fi pè é bẹ́ẹ̀ jáde ní 1726. Ọdún 1807 ni Fabricius, onímọ̀ kòkòrò ará Dẹ́ńmáàkì, ṣẹ̀ṣẹ̀ fi Vanessa pe ìdílé labalábá kan. Èèyàn ló kọ́kọ́ jẹ́ ẹ! Orúkọ náà dára, mi ò ní kí wọ́n yí i padà, ṣùgbọ́n kí wọ́n sọ òtítọ́ rẹ̀ fún ọmọ.

Tiwa ló ń ká mi lára jù. N'Íjẹ̀bú àti Rẹ́mọ, ìtàn ilé ló wà lórí orúkọ. Ẹ gbọ́ Odù lára Odùsànyà, ẹ gbọ́ Oṣó lára Ṣóyínká, Oṣó yí mi ká, ẹ ó ti fura sí ohun tí àwọn baba ńlá wọn dì mú. Ojúlé YorubaName.com tí Kọ́lá Túbọ̀sún dá sílẹ̀ ń gbìyànjú, ó ń fi àmì sí i, ó ń tú orúkọ palẹ̀. Síbẹ̀, ẹ kọ́kọ́ bi àgbà ilé: ta ló jẹ́ ẹ rí, kí ló ṣẹlẹ̀ tí wọ́n fi sọ ọ́ bẹ́ẹ̀?

Lánàá, mo gba ohùn Màmá sílẹ̀, wọ́n pe orúkọ náà, wọ́n sọ ti bàbá wọn àti igi. Mo fi ránṣẹ́ sí bàbá ọmọ. Alẹ́ ni òun fúnra rẹ̀ pe Màmá: "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un pè fún mi, mo fẹ́ kọ àmì rẹ̀ sílẹ̀."