Ẹ má pa ìyáàlù lẹ́nu mọ́

Ẹ jẹ́ kí n sọ tinú mi lónìí. Ẹ̀yin DJ tó ń ṣe remix àwọn orin ijó àtijọ́ tí wọ́n ń pè ní house, ìkánjú yín ti pọ̀ jù.

Ní Sátidé tó kọjá, mo wà lóde ijó kan níbí ní London. DJ gbé "Show Me Love" ti Robin S sí i. Bí dùùrù yẹn ṣe dún báyìí, gbogbo agbo hó yèè. Arábìnrin tó jókòó tì mí ti bọ́ bàtà gogoro rẹ̀ sábẹ́ tábìlì, ó ti bọ́ sójú agbo. Kò pé ìṣẹ́jú kan, wọ́n ti gé ohùn olórin wẹ́wẹ́ bí ẹni rẹ́ ilá, ìlù wá ń sáré bí ẹni tí ọlọ́pàá ń lé. Arábìnrin padà wá wọ bàtà rẹ̀.

Ẹ má pè mí ní àgbàlagbà o. Mi ò ní kí ẹ má fọwọ́ kan orin àtijọ́. Orin yìí gan-an, remix ló sọ ọ́ di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Nígbà tó kọ́kọ́ jáde lọ́dún 1990, kò fi bẹ́ẹ̀ rìn. StoneBridge, ọmọ Sweden, ló gbé ohùn Robin S, tó tẹ́ dùùrù inú Korg M1, irú kíbọ́ọ̀dù kan, sábẹ́ rẹ̀, ló bá gbayé kan lọ́dún 1993. Ohùn ò kúrò níbẹ̀ o!

Onílù dùndún lè dín omele kù, ó lè fi kún un, ṣùgbọ́n kò jẹ́ pa ìyáàlù lẹ́nu mọ́. Orin house náà ní ìyáàlù tirẹ̀. Nínú "Show Me Love", ohùn ni. Nínú "Can You Feel It" ti Larry Heard, bass ni. Ẹni tó bá yọ ọ́, kí ló fẹ́ kù?

Àbí ẹ ti gbàgbé DJ Frankie Knuckles? Ní Warehouse, ilé ijó alẹ́ kan ní Chicago, láti 1977, níbi tí wọ́n ní orúkọ house ti wá, orin disco àtijọ́ lòun náà ń tún ṣe. Téèpù ló ń gé, tó ń so, kí orin lè gùn sí i, kí oníjó má bàa jókòó. Òun ń fà á gùn, ẹ̀yin ń gé e kúrú.

DJ ọjọ́ Sátidé, tó o bá ń ka èyí, ọwọ́ rẹ yá, mo rí i. Kí ló ń lé ọ ni?