Ta ló ní wọ́n ń fi Oscar ta Meryl Streep lọ́rẹ?

Ọ̀rọ̀ yìí ti sú mi o. Níbi ìkómọ kan báyìí ni wọ́n ti tún gbé e dé, bọ̀dá kan tó ń jẹran lọ́wọ́ ní ṣebí Meryl Streep, òṣèrébìnrin Amẹ́ríkà yẹn, tó bá ti wúkọ́ níwájú kámẹ́rà báyìí, Oscar nìyẹn, gbogbo tábìlì wá ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń mi orí bíi pé wọ́n ka Bíbélì. Mo ní ó dáa, ẹ̀ẹ̀melòó ló ti gbà á? Ẹnìkan ní mẹ́wàá. Ẹlòmíì ní ó kéré tán, á tó méje.

Ẹ̀ẹ̀mẹta péré ni o.

Ìgbà 21 ni wọ́n ti yàn án pé kó wá du Oscar, kò sí òṣèré kankan, ọkùnrin tàbí obìnrin, tí wọ́n yàn tó bẹ́ẹ̀ rí, ibẹ̀ gan-an lẹ ti ń ṣì í gbọ́, orúkọ ẹ̀ lẹ ń gbọ́ ṣáá lẹ wá rò pé ó ń gbé nǹkan relé. Ó gbà á fún Kramer vs. Kramer tó jáde ní 1979, ó gbà á fún Sophie's Choice ti 1982, ó tún wá di The Iron Lady ti 2011. Ẹ wo àárín méjì tó kẹ́yìn yẹn dáadáa. Ẹ̀ẹ̀méjìlá ni wọ́n yàn án láàárín wọn, ẹ̀ẹ̀méjèèjìlá lẹlòmíì gbé e lọ! Nígbà Silkwood, Shirley MacLaine ló gbà á. Nígbà Ironweed, Cher ni, Cher akọrin o, tí wọ́n jọ gbé ilé kan náà nínú Silkwood. The Bridges of Madison County, Susan Sarandon. Doubt, Kate Winslet. Julie & Julia, Sandra Bullock.

Èyí tó dùn mí jù ni The Devil Wears Prada ti 2006, níbi tí Streep ti ṣe ọ̀gá ìwé ìròyìn aṣọ tí kì í gbóhùn sókè. Èmi ti ṣiṣẹ́ lábẹ́ ọ̀gá tó ń pariwo, mo sì ti ṣiṣẹ́ lábẹ́ èyí tí kì í gbóhùn sókè rárá, ẹ má wulẹ̀ bi mí èwo ni àyà mi ń já sí. Ẹ rántí ibi tí wọ́n ti gbé bẹ́líìtì méjì wá síwájú ẹ̀, tí ọmọ iṣẹ́ tuntun yẹn bú sẹ́rìn-ín torí kò rí ìyàtọ̀ kankan nínú méjèèjì. Obìnrin yìí ò jágbe mọ́ ọn. Ó ń to aṣọ ẹ̀ lọ, ó ń fi ohùn pẹ̀lẹ́ ṣàlàyé bí àwọ̀ búlúù tó wà lára súwẹ́tà ọmọ náà ṣe kúrò lọ́wọ́ àwọn ọ̀gá aránṣọ títí tó fi dé orí igbá àwọn tó ń ta aṣọ ní gbàǹjo, kó tó sọ̀rọ̀ tán ojú ti gba ọmọ yẹn tì. Òun fúnra ẹ̀ ló sọ pé ara Clint Eastwood lòun ti kọ́ ohùn jẹ́jẹ́ yẹn. Títí dòní làwọn èèyàn ń sín in jẹ. Oscar ńkọ́? Helen Mirren ni wọ́n gbé e fún.

Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyí. Àwọn òṣèré tó wà nínú Academy, ìyẹn ẹgbẹ́ àwọn oníṣẹ́ fíìmù tó ń fúnni ní Oscar, ló ń fa àwọn márùn-ún tó máa du ti òṣèré sílẹ̀, àmọ́ tó bá kan ta ló máa gbà á, gbogbo Academy ló ń dìbò, oníkámẹ́rà, aránṣọ, olórin, gbogbo wọn pátá. Ìyẹn ni pé àwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ kan náà ló ń pè é, àwọn èrò tó kù ló ń kọ̀ ọ́. Ṣé bí ojúsàájú ṣe ń rí nìyẹn?

Wọ́n á ní ẹkún ló mọ̀ ọ́n sun. Ẹkún! Ṣé ẹkún ló ń sun nínú Death Becomes Her tí orí ẹ̀ yí sẹ́yìn, àbí nígbà tó ń túkọ̀ nínú omi tó ń ru gùdù nínú The River Wild, àbí nínú Mamma Mia! tó ń fò lórí bẹ́ẹ̀dì nígbà tó ti ń sún mọ́ 60? Ẹ gbà mí jàre. Ó dáa, yíyàn tí wọ́n yàn án fún Into the Woods ti 2014 yẹn, bóyá orúkọ ràn án lọ́wọ́ díẹ̀.

Mo mọ̀ pé ti Viola Davis ní 2012, nígbà tí Streep fi The Iron Lady gba Oscar mọ́ ọn lọ́wọ́, ṣì ń dun ọ̀pọ̀ nínú yín. Ó dun èmi náà. Ṣùgbọ́n ọdún 29 ló ti wà láàárín ìyẹn àtèyí tí Streep gbà ṣáájú, kódà nígbà tó dé orí pèpéle, ó ní ńṣe ló dà bíi pé òun ń gbọ́ tí ìdajì Amẹ́ríkà ń sọ pé òun náà ni lẹ́ẹ̀kan sí i. Ẹ ò rí i pé ìtàn yín ti dé etí ẹ̀.

Ẹni tí wọ́n fún lóòótọ́ ni Katharine Hepburn, òṣèrébìnrin Amẹ́ríkà ayé àtijọ́, ó gba 4 nínú 12 tí wọ́n yàn án fún, gbogbo ẹ̀ ti òṣèrébìnrin tó léwájú, kò sì yọjú síbẹ̀ wá gba ìkankan.